Ìyábọ̀ Ògúnṣọlá, òṣèrébìnrin tí aráàlú sọ di Ẹfúnṣetán

Láti Ọjà'ba gòkè lọ sí Mápó, láti Mápó sọ̀ kalẹ̀ sí Bẹẹrẹ, títí wọ Bẹyẹrunka, ó ṣòro kí á tó rí àgbàlagbà kan tí kò gbọ́ orúkọ Ìyálóde Ẹfúnṣetán Aníwúrà rí. Ohun tí ọ̀pọ̀ èèyàn yóò sì sọ nípa rẹ̀ jọra wọn: obìnrin ọlọ́rọ̀ ni, ó rorò, ẹrúbìnrin tó bá lóyún nínú ilé rẹ̀ ti kú, Ààrẹ Látòósà àti àwọn ìjòyè ló kógun jà á, nígbà tí ìtìjú sì pọ̀ fún un, ó gbé májèlé jẹ. Apá kan ọ̀rọ̀ yìí wà nínú ìwé ìtàn. Apá kejì jẹ́ ohun tí òǹkọ̀wé kan fi ọgbọ́n orí hun pọ̀ kí eré rẹ̀ lè dùn. Ẹni tó wá gbé méjèèjì pọ̀ mọ́ ara, tó fi ohùn, ojú àti ìrìn rẹ̀ lẹ̀ wọ́n mọ́ra débi pé aráàlú kò mọ ibi tí ìtàn parí sí àti ibi tí eré ti bẹ̀rẹ̀, ni Ìyábọ̀ Ògúnṣọlá.

Ìyàwó Ìṣọ̀lá Ògúnṣọlá ni. Ìṣọ̀lá yìí náà ni gbogbo ayé mọ̀ sí I Sho Pepper, olórí ẹgbẹ́ òṣèré tó fi ìlú Ìbàdàn ṣe ibùjókòó, tí àwọn tó ń wo tẹlifíṣọ̀n Ìbàdàn láyé ìgbà náà kò lè gbàgbé. Nínú ẹgbẹ́ ọkọ rẹ̀ yìí ni Ìyábọ̀ ti ṣe Ẹfúnṣetán, tí orúkọ náà sì lẹ̀ mọ́ ọn. Títí di àkókò fíìmù àgbéléwò, tó ti di ìyá àgbà nínú iṣẹ́ náà, Ẹfúnṣetán ni àwọn oníwèé ìròyìn ṣì ń fi pè é.

Kí á tó lè mọ bí ohun tí obìnrin yìí ṣe ti tó, ó yẹ kí á wo ibi tí iṣẹ́ òṣèrébìnrin ti bẹ̀rẹ̀ láàrin àwa Yorùbá. Nínú eré alárìnjó, èyí tó ti ara egúngún jáde, ọkùnrin ló wà lábẹ́ agọ̀. Bí wọ́n bá fẹ́ fi ìyàwó aláfẹ́ tàbí arúgbó obìnrin hàn, ọkùnrin náà ni yóò wọ aṣọ obìnrin, tí yóò sì máa yíra bí obìnrin. Àwa nìkan kọ́ la ṣe bẹ́ẹ̀. Ní ilẹ̀ Japan, ìjọba ilẹ̀ náà lé obìnrin kúrò lórí ìtàgé kabuki ní ọdún 1629, ọkùnrin ló sì ń ṣe obìnrin fún nǹkan bí ọ̀ọ́dúnrún ọdún lẹ́yìn náà. Kódà nígbà tí sinimá kọ́kọ́ dé ọ̀dọ̀ wọn, ọkùnrin ló ṣì ń ṣe ìyá àti ìyàwó nínú rẹ̀, ó di nǹkan bí ọdún 1920 kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ sí í fi àyè gba obìnrin dáadáa.

Lọ́dọ̀ tiwa, Hubert Ògúnǹdé ló ṣílẹ̀kùn náà. Ní ọdún 1944 ló gbé eré rẹ̀ àkọ́kọ́ jáde ní gbọ̀ngàn Glover, l'Ékòó. Nígbà tó di ọdún 1946, nínú eré tó pè ní Tiger's Empire, ó fi orúkọ àwọn obìnrin sójú ìwé ìpolówó gẹ́gẹ́ bí òṣèré tó ń gba owó iṣẹ́. Kò rọrùn fún un. Àwọn òbí kò fẹ́ kí ọmọ wọn obìnrin máa jó káàkiri pẹ̀lú àwọn ọkùnrin ẹlẹ́gbẹ́ òṣèré, ojú aṣẹ́wó ni wọ́n fi ń wo irú ọmọ bẹ́ẹ̀. Nígbà tó yá, Ògúnǹdé bẹ̀rẹ̀ sí í fẹ́ àwọn òṣèrébìnrin rẹ̀ níyàwó. Àwọn kan fi èyí ṣe yẹ̀yẹ́, ṣùgbọ́n bí a bá fi ojú ọgbọ́n wò ó, ọ̀nà tó gbà di ẹgbẹ́ rẹ̀ mú nìyẹn: ìyàwó kò ní kọ̀wé fiṣẹ́ sílẹ̀ nígbà tí eré bá ku ọ̀la.

Àpẹẹrẹ yìí ni ọ̀pọ̀ olórí ẹgbẹ́ tẹ̀ lé. Ní Òṣogbo, ìyàwó Dúró Ládiípọ̀, Abíọ́dún, ló ṣe Ọya nínú Ọba Kò So, eré tó jáde ní ọdún 1963, tí wọ́n sì gbé lọ sí Berlin, ní ilẹ̀ Jámánì, ní ọdún 1964. Bí a bá sọ pé "ìyàwó ọ̀gá", ẹ má ṣe rò pé oyè ìgbádùn ni. Ìyàwó ọ̀gá ni yóò ṣe ẹni tó ṣe pàtàkì jù lórí ìtàgé, òun náà ni yóò máa ro ti oúnjẹ àti aṣọ eré nígbà tí ọkọ̀ ẹgbẹ́ bá gúnlẹ̀ sí ìlú tí wọn kò dé rí. Ẹgbẹ́ kan kì í sì í ní eré kan ṣoṣo. Bí òṣèrébìnrin bá ṣe ìyàwó tó gbọ́ràn lálẹ́ òní, ó lè di ìyálé oníwàhálà lálẹ́ ọ̀la, kó di àjẹ́ ní ìlú kẹta. Ilé-ẹ̀kọ́ tó kọ́ wọn ní oríṣiríṣi ìṣe nìyẹn, kò sì sí ìwé ẹ̀rí níbẹ̀. Irú ilé-ẹ̀kọ́ bẹ́ẹ̀ ni Ìyábọ̀ Ògúnṣọlá ti jáde.

Ẹni tó kọ Ẹfúnṣetán Aníwúrà ni Akínwùmí Ìṣọ̀lá, ọmọ abúlé Labode, nítòsí Ìbàdàn, tí wọ́n bí ní ọdún 1939, tó sì kú ní oṣù kejì ọdún 2018. Nígbà tó ṣì jẹ́ akẹ́kọ̀ọ́ ní yunifásítì Ìbàdàn, níbi tó ti ń kọ́ èdè Faransé, ló kọ ọ́. Ìwé náà jáde ní ọdún 1970, àwọn ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ gírámà sì kà á káàkiri ilẹ̀ Yorùbá. Ìwé kíkà yàtọ̀ sí eré wíwò, ṣá o. Ìyá ẹlẹ́kọ tó wà ní Ọjà'ba, tí kò mọ̀wé, kò lè bá Ẹfúnṣetán pàdé nínú ìwé. Orí ìtàgé ló ti lè bá a pàdé, ẹgbẹ́ Ògúnṣọlá ló sì gbé e débẹ̀.

Ó yẹ kí á sọ ohun tí ìtàn wí. Samuel Johnson, tó kọ ìwé ìtàn Yorùbá tí gbogbo wa ń tọ́ka sí, wà ní Ìbàdàn ní àsìkò Ẹfúnṣetán, ó ń bójú tó ilé-ẹ̀kọ́ àwọn oníṣọ́ọ̀ṣì ní Arẹ̀mọ àti Kúdẹtì. Ohun tó kọ sílẹ̀ ni pé Ẹfúnṣetán ní ẹrú bí 2,000 nínú oko rẹ̀ nìkan, láìka àwọn tó wà nílé, ó sì ní àwọn balógun àti ọmọ ogun tirẹ̀. Ọmọ Ẹ̀gbá Òkè-Ọnà ni láti ilé bàbá rẹ̀. Lẹ́yìn Ìyáọlá, tó kọ́kọ́ jẹ Ìyálóde Ìbàdàn, òun ni oyè náà kàn. Ó ń ta ìbọn àti ẹ̀tù, ó sì ń yá àwọn jagunjagun ní ohun ìjà kí wọ́n tó lọ sójú ogun. Ọmọ rẹ̀ obìnrin kan ṣoṣo kú sórí ìkúnlẹ̀ ní ọdún 1860. Johnson sọ ọ́ pé láti ìgbà náà ni kò ti lè fara da oyún lára ẹrúbìnrin rẹ̀ mọ́, ọwọ́ rẹ̀ sì le lára wọn.

Ṣùgbọ́n kì í ṣe nítorí ẹrú ni Látòósà ṣe yọ ọ́ lóyè. Ẹ̀sùn mẹ́ta tí Ààrẹ kà sí i lẹ́sẹ̀ kò kan oyún rárá: pé kò bá òun lọ sógun, pé kò fi nǹkan ìjà àti oúnjẹ ránṣẹ́ nígbà tí òun wà lójú ogun, àti pé kò jáde wá pàdé òun lẹ́yìn odi ìlú nígbà tí òun ń bọ̀. Ọjọ́ kìíní oṣù karùn-ún ọdún 1874 ni wọ́n yọ ọ́. Ó sanwó ìtanràn, ó bẹ̀bẹ̀, Látòósà kò gbọ́. Ní òru ọgbọ̀njọ́ oṣù kẹfà ọdún náà, àwọn ẹrú tirẹ̀ gan-an pa á nínú iyàrá rẹ̀. Kúmúyìlọ́, ọmọ tó gbà tọ́, ni wọ́n lò láti mú wọn ṣe é. Ọ̀jọ̀gbọ́n Bọ́láńlé Awẹ́ ti Yunifásítì Ìbàdàn kọ nípa rẹ̀ nínú ìwé kan tó ṣe àkójọ rẹ̀ nípa àwọn obìnrin Nàìjíríà, èyí tó jáde ní ọdún 1992, ó sì jẹ́ kí á rí i pé ọ̀rọ̀ agbára àti gbèsè wà nínú ìjà náà: obìnrin tó yá àwọn ológun ní ohun ìjà, tí ogun àjàìdákẹ́ wọn sì ti sú, kì í ṣe ẹni tí wọ́n máa fẹ́ kó pẹ́ láyé.

Nínú eré, gbogbo rẹ̀ yí padà. Adétutù, ẹrúbìnrin, lóyún fún Ìtáwuyì. Ẹfúnṣetán ní kí wọ́n bẹ́ ẹ lórí. Ìtáwuyì gbìyànjú láti fi májèlé gbẹ̀san, kò bọ́ sí i. Àwọn ìjòyè gbéra ogun nítorí ìwà ìkà náà. Wọ́n mú Ìyálóde, wọ́n dójú tì í níwájú àwọn tó ti jẹ́ ẹrú rẹ̀ rí, òun fúnra rẹ̀ sì gbé májèlé jẹ. Òǹkọ̀wé ní ẹ̀tọ́ láti ṣe bẹ́ẹ̀. Eré kì í ṣe ìwé ẹjọ́. Àwọn ọ̀dọ́ tó jáde ní yunifásítì lẹ́yìn òmìnira ọdún 1960 ń wá eré tí ẹni tí wọ́n ń ni lára yóò ti dìde sí ẹni tó ń ni ín lára, Ìṣọ̀lá sì fún wọn ní irú rẹ̀. Látòósà tó jàǹfààní nínú ikú obìnrin náà wá di olùgbàlà àwọn ẹrú. Bí àwọn ará Òkè Àrẹ bá ń rẹ́rìn-ín sínú, ẹ kò lè bá wọn wí.

Ibí yìí ni iṣẹ́ òṣèrébìnrin ti bẹ̀rẹ̀. Ẹni tó bá fi ojú lásán ka ìwé náà lè rò pé kí èèyàn ṣáà máa pariwo, kó máa pàṣẹ, kó máa gbé ojú sókè, ó ti parí. Obìnrin tó bá ṣe é bẹ́ẹ̀, òǹwòran yóò rẹ́rìn-ín rẹ̀ kí eré tó dé ìdajì. Obìnrin mẹ́rin ló wà nínú Ẹfúnṣetán kan ṣoṣo. Àkọ́kọ́ ni ọlọ́jà tó mọ iye ohun gbogbo, tó lè bá ìjòyè sọ̀rọ̀ láìkúnlẹ̀. Èkejì ni ọ̀gá tí ẹ̀rù rẹ̀ ń ba ilé. Ẹ̀kẹta ni abiyamọ tí ọmọ kú mọ́ lọ́wọ́, tí oyún ẹlòmíì ń dá ọgbẹ́ rẹ̀ padà. Ẹ̀kẹrin ni ẹni tí wọ́n dè mọ́lẹ̀, tó ń wo ẹrú rẹ̀ àná tó wá di ọmọlúwàbí lójú rẹ̀. Òṣèrébìnrin kò gbọ́dọ̀ jẹ́ kí á rí ibi tó ti bọ́ kúrò nínú ọ̀kan bọ́ sí èkejì. Bí abiyamọ inú rẹ̀ kò bá hàn, ìkà lásán ló kù, ìkà lásán kì í sì í gbé eré fún wákàtí méjì. Bí abiyamọ náà bá pọ̀ jù, ikú Adétutù kò ní dun ẹnikẹ́ni.

Èdè eré náà tún jẹ́ ẹrù lọ́tọ̀. Ọ̀pọ̀ eré àwọn ẹgbẹ́ arìnrìn-àjò ni wọn kì í kọ sílẹ̀: ọ̀gá yóò sọ bí ìtàn ṣe lọ, òṣèré yóò wá ọ̀rọ̀ sí i lẹ́nu. Bí ó bá gbàgbé, yóò dá òmíràn. Ẹfúnṣetán Aníwúrà kò gba irú èyí. Ọ̀rọ̀ òwe, oríkì àti ìjìnlẹ̀ Yorùbá tí òǹkọ̀wé fi ọwọ́ ara rẹ̀ tò ni, tí akẹ́kọ̀ọ́ tó jókòó sí iwájú sì ti há sórí nílé-ẹ̀kọ́. Bí òṣèré bá ṣì í, wọ́n yóò mọ̀. Ẹni tó ń bọ̀ láti inú eré àdásọ, tó wá bá èdè àkọsílẹ̀ pàdé, tó sì sọ ọ́ bí ẹni pé ọkàn ara rẹ̀ ló ti ń jáde, kò ṣe iṣẹ́ kékeré.

Ẹgbẹ́ Ògúnṣọlá ṣe eré náà fún àwọn èrò tó pọ̀ débi pé gbọ̀ngàn kò gbà wọ́n. Ní Ìbàdàn, pápá ìṣeré ni wọ́n gbé e lọ, ẹgbẹẹgbẹ̀rún èèyàn ló sì wá. Ẹ rò ó wò: láìsí ojú kámẹ́rà tó lè sún mọ́ èèyàn, òṣèrébìnrin kan ní láti jẹ́ kí ẹni tó jókòó sí ẹ̀yìn pátápátá mọ̀ pé omijé wà lójú òun. Ara gbogbo ló fi ń sọ irú nǹkan bẹ́ẹ̀, láti orí gèlè dé ìtẹ̀sẹ̀.

Ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1980 ni eré náà di fíìmù, Bánkọ́lé Bello ló darí rẹ̀. Àkókò yẹn ni gbogbo ẹgbẹ́ òṣèré Yorùbá ń sáré wọ inú sinimá: Ògúnǹdé ti gbé Aiyé jáde ní ọdún 1979 àti Jáiyésinmi ní ọdún 1980, ọkàn gbogbo olórí ẹgbẹ́ sì ń fà sí i. Ẹni tó ti fi ohùn bo pápá ìṣeré ní láti tún un kọ́, nítorí kámẹ́rà kì í fẹ́ ariwo. Ohun tí ó ju gbogbo rẹ̀ lọ ni pé sinimá sọ ojú kan di ojú Ẹfúnṣetán. Lórí ìtàgé, ẹgbẹ́ mìíràn lè fi obìnrin mìíràn ṣe é lọ́la. Nínú fíìmù, ojú Ìyábọ̀ Ògúnṣọlá ló wà níbẹ̀.

Kì í ṣe gbogbo òṣèré ló máa ń bọ́ lọ́wọ́ irú orúkọ bẹ́ẹ̀. Ní ilẹ̀ Japan tí a mẹ́nu bà lẹ́ẹ̀kan, Kinuyo Tanaka, tí wọ́n bí ní ọdún 1909, bẹ̀rẹ̀ sinimá ní ọmọ ọdún mẹ́rìnlá, ó sì ṣe fíìmù tó tó igba ó lé kí ó tó kú ní ọdún 1977. Nínú fíìmù Oharu tó jáde ní ọdún 1952, òun nìkan ló ṣe ọmọge ààfin, ìyá tí wọ́n gba ọmọ lọ́wọ́ rẹ̀ àti aṣẹ́wó tó ti gbó, bí Ìyábọ̀ ti ṣe obìnrin mẹ́rin nínú ọ̀kan. Ṣùgbọ́n Tanaka ní ilé-iṣẹ́ fíìmù lẹ́yìn rẹ̀, wọ́n sì ń fún un ní oríṣiríṣi iṣẹ́ lọ́dọọdún, títí tí òun náà fi bẹ̀rẹ̀ sí í darí fíìmù ní ọdún 1953. Òṣèrébìnrin Yorùbá ayé ìgbà náà kò ní irú rẹ̀. Ẹgbẹ́ ọkọ rẹ̀ ni ilé-iṣẹ́ rẹ̀. Bí epo bá wọ́n, tí àwọn adigunjalè bá gba òru, tí èrò kò jáde wòran mọ́, bó ti rí láàrin àwọn ọdún 1980, ẹgbẹ́ yóò dákẹ́, òṣèrébìnrin náà yóò sì dákẹ́ títí fídíò yóò fi dé.

Nígbà tí fídíò dé, àwọn tó ti wà lórí ìtàgé ni wọ́n kọ́kọ́ pè. Ìyábọ̀ Ògúnṣọlá wà nínú wọn. Iṣẹ́ tí wọ́n ń fún irú wọn kò tó ohun tí wọ́n lè ṣe, èrò tèmi nìyẹn: ìyá ọkọ, ìyá ọba, àgbà obìnrin tó ń gba ọmọ níyànjú fún ìṣẹ́jú mélòó kan kí ó tó jáde lọ. Ẹni tó ti fi ejìká gbé Ẹfúnṣetán ń bọ̀ wá jókòó sórí àga láti sọ pé kí ìyàwó fara balẹ̀.

Ìṣòro tó tún wà níbẹ̀ ni ti ẹ̀rí. Eré orí ìtàgé kì í kù sílẹ̀ bí kò ṣe nínú ọkàn ẹni tó wò ó. Ọ̀pọ̀ fíìmù Yorùbá tí wọ́n fi rọ́ọ̀lù ńlá yà ní àwọn ọdún 1970 àti 1980 kò bọ́ sórí kásẹ́ẹ̀tì tàbí sídíì, nítorí àwọn tó ni wọ́n ń bẹ̀rù àwọn olè tó ń da iṣẹ́ oníṣẹ́ kọ. Àwọn rọ́ọ̀lù kan ti bàjẹ́ sínú agolo. Ìwé Akínwùmí Ìṣọ̀lá ṣì wà, Pamela Smith sì ti túmọ̀ rẹ̀ sí èdè Gẹ̀ẹ́sì ní ọdún 2005. Ẹni tó bá fẹ́ mọ ohun tí òǹkọ̀wé sọ kò ní wá a tì. Ẹni tó bá fẹ́ mọ bí Ìyálóde ṣe dákẹ́ díẹ̀ kí ó tó dájọ́ ikú fún Adétutù, ọwọ́ àwọn tó wà nínú èrò nígbà náà ló ti máa gbọ́ ọ, àwọn yẹn sì ti ń dàgbà.

Ère Ẹfúnṣetán dúró sí oríta Challenge ní Ìbàdàn lónìí. Ọlá àti ìgbéraga Ìyálóde ni alágbẹ̀dẹ ère náà fi hàn. Ẹ̀yin òǹkàwé wa tí ẹ ní ìyá tàbí bàbá tó wo eré Ògúnṣọlá nígbà náà, ẹ bi wọ́n léèrè irú ohùn tí wọ́n gbọ́ lẹ́nu obìnrin náà.